Ọfà Tí A Ta Sókè: Ìtàn Bí Òfin Ṣe Ń Ti Ara Ìṣe Mọ Èrò Ìkà ní Ilẹ̀ Akínyẹlé

Òwe kan wà tí àwọn àgbà máa ń pa nígbà tí ẹnì kan bá ṣe ohun tí ó lè gba ẹ̀mí ẹlòmíràn, tí ó sì ń sọ pé òun kò ní ẹnikẹ́ni sínú: atafà sókè yídó borí, bí ọba ayé kò rí i, ti ọ̀run ń wò ó. Ìdajì tí ó kẹ́yìn nínú òwe náà ni ọ̀pọ̀ ènìyàn máa ń dì mú, nítorí pé ìkìlọ̀ nípa Ọlọ́run wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá fi ojú adájọ́ wo ìdajì àkọ́kọ́ yóò rí i pé ọ̀rọ̀ ẹ̀rí ni àwọn tí ó ṣẹ̀dá rẹ̀ ń sọ. Ẹni tí ó ta ọfà yìí kò fojú sun ẹnikẹ́ni, kò sì sí ọ̀tá kan pàtó tí ó ń lépa. Ó lè búra pé òun kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni kú, kí ìbúra náà sì jẹ́ òtítọ́. Odó tí ó dé borí ni kò jẹ́ kí àwáwí rẹ̀ lẹ́sẹ̀ nílẹ̀, nítorí pé ẹni tí kò bá mọ̀ pé ọfà tí ó lọ sókè ń bọ̀ wálẹ̀ kò ní wá ohun tí yóò fi bo orí ara rẹ̀. Ó mọ̀, ó dáàbò bo ara rẹ̀, ó sì fi orí àwọn tí ó kù sílẹ̀ fún ọfà.

Ohun tí òwe yìí fi gbólóhùn kan sọ ni òfin ọ̀daràn ti ń bá yí láti ọ̀pọ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún wá. Inú ọmọ ènìyàn jìn ju kànga lọ, síbẹ̀ adájọ́ kò gbọdọ̀ pe ẹnikẹ́ni ní apànìyàn láìjẹ́ pé ó mọ ohun tí ó wà nínú rẹ̀ ní wákàtí tí ó ṣe ohun tí ó ṣe. Èrò ìkà ni orúkọ tí ó yẹ ohun tí adájọ́ ń wá yìí, ó sì ní ìpele: ẹnì kan lè fẹ́ kí ẹlòmíràn kú; ẹnì kan lè fẹ́ ṣe ẹlòmíràn léṣe gidigidi, kí ikú sì tẹ̀lé e; ẹnì kẹta sì lè má fẹ́ èyíkéyìí nínú méjèèjì, ṣùgbọ́n kí ó jẹ́ pé ẹ̀mí ọmọ ènìyàn kò jọ ọ́ lójú rárá, tí ó fi ṣe ohun tí gbogbo ayé mọ̀ pé ó lè pànìyàn. Ẹni kẹta yìí, atafà sókè, ni ó sọ òfin di ìjà láàrin àwọn onímọ̀ rẹ̀, ìtàn bí a ṣe ń dá ẹjọ́ rẹ̀ ní ìgbèríko Ìbàdàn sì jẹ́ ìtàn bí ọgbọ́n méjì ṣe pàdé lórí ilẹ̀ kan.

Ilẹ̀ náà ni èyí tí ìjọba ìbílẹ̀ Akínyẹlé bò lónìí. Ọdún 1976 ni a dá ìjọba ìbílẹ̀ náà sílẹ̀ pẹ̀lú Mọníyà gẹ́gẹ́ bí ibùjókòó rẹ̀, ṣùgbọ́n àwọn abúlé àti ìlú kéékèèké inú rẹ̀, bí Ìkéréku, Ìrókò àti Ìjàyè, ti dàgbà jù ú lọ fíìfíì. Ìjàyè ti jẹ́ ìlú ńlá lábẹ́ Ààrẹ Kúrunmí kí ogun Ìbàdàn tó fọ́ ọ ní 1862, lẹ́yìn ìgbà náà ni agbára Ìbàdàn sì wá fẹsẹ̀ múlẹ̀ lórí gbogbo oko tí ó wà ní ọ̀nà Ọ̀yọ́. Nínú ètò tí ó tẹ̀lé e, ọ̀rọ̀ ẹ̀jẹ̀ kì í parí sọ́wọ́ baálẹ̀ abúlé: a ó gbé e lọ sọ́dọ̀ ìjòyè Ìbàdàn tí abúlé náà wà lábẹ́ rẹ̀, láti ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni yóò sì ti dé iwájú Baálẹ̀ Ìbàdàn àti àwọn ìgbìmọ̀ rẹ̀, nítorí pé oyè náà kò tíì di Olúbàdàn títí di 1936.

Láàrin àwọn ọdẹ ni ọgbọ́n tí ó wà nínú òwe ọfà náà ti jinlẹ̀ jù, nítorí pé iṣẹ́ wọn ni ó sún mọ́ ikú ẹlòmíràn jù lọ. Ọdẹ òru a máa rí ojú méjì tí ń tàn nínú òkùnkùn, yóò sì ní láti pinnu kíá bóyá ẹran ni tàbí ènìyàn. Bí ó bá ṣì í, àṣìta ni a ń pè é, ọ̀rọ̀ náà fúnra rẹ̀ sì ti ń bẹ̀bẹ̀ fún un, nítorí pé ọwọ́ tí ó ṣì kò jọ ọwọ́ tí ó mọ̀ọ́mọ̀. Ṣùgbọ́n kì í ṣe gbogbo ẹni tí ó bá pariwo àṣìta ni àwọn ọdẹ ẹgbẹ́ rẹ̀ yóò gbà gbọ́. Wọn a bi í léèrè ibi tí ó dúró sí, bóyá ẹ̀bá ọ̀nà oko tí èrò ń gbà ni tàbí inú igbó kìjikìji. Wọn a bi í bóyá ó súfèé tàbí ó pè kí ó tó yìn ín. Wọn a bi í bóyá àkókò tí àwọn obìnrin ń lọ pọn omi ni. A lè fi irin Ògún mú un búra láti yẹ inú rẹ̀ wò, ṣùgbọ́n àwọn ìbéèrè wọ̀nyí kò yẹ inú wò, ọwọ́ ni wọ́n ń yẹ̀ wò, wọ́n sì ń fi ohun tí ọdẹ gbọ́dọ̀ mọ̀ wọn ohun tí ọdẹ yìí sọ pé òun kò mọ̀. Ẹni tí kò ṣọdẹ rí lè sọ pé òun kò mọ̀ pé èrò máa ń gba ibẹ̀. Ọdẹ tí ó ti ń dẹ ilẹ̀ náà láti ọdún mẹ́wàá kò lè sọ ọ́.

Ọ̀nà mìíràn tí ìbọn fi ń pa ẹni tí a kò fẹ́ pa ni ọ̀rọ̀ ayẹta, ìyẹn oògùn tí a gbà pé kì í jẹ́ kí ọta wọlé sára. Ogun ọ̀rúndún kọkàndínlógún ni ó sọ ọ́ di ohun tí gbogbo jagunjagun Ìbàdàn ń wá, àṣà sì ni pé kí a so ó mọ́ ewúrẹ́ tàbí adìyẹ lọ́rùn, kí a yìnbọn sí i, kí a tó gbé e fún ènìyàn. Àṣà ìdánwò yìí yẹ fún àkíyèsí ẹni tí ó bá ń wá èrò ìkà, nítorí pé odó òwe náà ni ó tún fara hàn ní ọ̀nà mìíràn: oníṣègùn tí ó kọ́kọ́ fi adìyẹ dán oògùn rẹ̀ wò ti jẹ́wọ́ pé ó ṣeé ṣe kí oògùn náà má jẹ́. Èyí tí ó bá wá fò ìdánwò adìyẹ dá, tí ó sì yìnbọn lu àyà ọ̀rẹ́ rẹ̀ tààrà, ti fi ẹ̀mí ọ̀rẹ́ náà sí ipò ẹ̀mí adìyẹ.

Ní ìlú Gẹ̀ẹ́sì, níbi tí òfin tí ó padà wá jọba lórí Akínyẹlé ti ṣẹ̀, ọ̀nà tí wọ́n gbà dé ibi kan náà yàtọ̀. Nínú ìwé kẹrin lára àlàyé ńlá tí onímọ̀ òfin kan, Blackstone, ṣe lórí òfin ilẹ̀ rẹ̀, tí ó jáde ní 1769, ó sọ pé ẹni tí ó mọ̀ọ́mọ̀ mú ẹṣin tí ó máa ń tani wọ àárín ọ̀pọ̀ ènìyàn, tàbí tí ó yìnbọn sáàárín èrò, ti pànìyàn bí ẹnikẹ́ni bá kú, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé kò mọ ẹnì kan ṣoṣo nínú wọn. Ìkà sí gbogbo ayé ni ó pe ohun tí ó wà nínú irú ẹni bẹ́ẹ̀. Ṣáájú rẹ̀, ní 1762, adájọ́ Michael Foster ti kọ ọ́ pé ohun tí òfin ń pè ní èrò ìkà kò dúró lórí ìkórìíra ẹnì kan, pé ọkàn tí kò ka ojúṣe rẹ̀ sí ọmọnìkejì sí ohunkóhun, tí ó sì ti pinnu láti ṣe ibi, ni òfin ń wò. Nígbà tí James Fitzjames Stephen kó òfin ọ̀daràn Gẹ̀ẹ́sì jọ sínú ìwé kan ní 1877, ó tò ó sí gbangba pé bí ẹnì kan bá mọ̀ pé ó ṣeé ṣe gan-an kí ìṣe òun pànìyàn, tí kò sì bìkítà bóyá yóò pa á tàbí kò ní pa á, ìmọ̀ náà ti tó láti sọ ọ́ di apànìyàn. Ọ̀rọ̀ ìmọ̀ tí Stephen lò yìí ṣe pàtàkì, nítorí pé odó náà ni: ó béèrè ohun tí atafà mọ̀.

Ìbàdàn fọwọ́ sí àdéhùn pẹ̀lú ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ní 1893, Ajẹ́lẹ̀ Òyìnbó àkọ́kọ́, Captain Bower, sì fìdí kalẹ̀ síbẹ̀ ní ọdún kan náà. Láàrin 1904 sí 1908, Gómìnà Èkó bá àwọn ìlú ńláńlá ilẹ̀ Yorùbá, Ìbàdàn wà lára wọn, ṣe àdéhùn lórí ìdájọ́, èyí tí ó kó ẹjọ́ ìpànìyàn kúrò lọ́wọ́ àwọn ọba àti ìjòyè lọ sí ilé ẹjọ́ ìjọba. Bẹ́ẹ̀ ni ọ̀nà tí ọ̀rọ̀ ẹ̀jẹ̀ ń gbà láti abúlé dé iwájú Baálẹ̀ Ìbàdàn ṣe dí. Lọ́dún 1904 kan náà, lábẹ́ Lugard tí ó ń ṣàkóso rẹ̀, ìjọba Àríwá Nàìjíríà gba ìwé òfin ọ̀daràn kan tí ó ti òkèèrè wá: Samuel Griffith ni ó kọ ọ́ fún Queensland ní Ọsirélíà, ilé ìgbìmọ̀ ibẹ̀ sọ ọ́ di òfin ní 1899, ó sì bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọjọ́ kìíní ọdún 1901. Lẹ́yìn tí a so Àríwá àti Gúúsù pọ̀ ní 1914, ìwé òfin yìí di ti gbogbo Nàìjíríà ní 1916. Ohun tí a kọ fún àwọn olùsìn màlúù àti awakùsà Queensland ni a wá fi ń wọn ìwà àgbẹ̀ Ìrókò àti ọdẹ Ìjàyè.

Ọ̀nà tí a gbà lo òfin náà ní ìbẹ̀rẹ̀ mú kí ọ̀rọ̀ náà túbọ̀ nira. Láti 1914 títí di 1933, ní ọ̀pọ̀ jù lọ àgbègbè ìgbèríko Nàìjíríà, ilé ẹjọ́ ẹkùn ni ó ń gbọ́ ẹjọ́ ńlá, níbi tí Ajẹ́lẹ̀ tàbí òṣìṣẹ́ ìjọba mìíràn ti ń jókòó bí adájọ́, tí òfin kò sì gba agbẹjọ́rò láàyè láti sọ̀rọ̀ fún ẹni tí a fẹ̀sùn kàn. Ẹ jẹ́ kí a ro ohun tí èyí túmọ̀ sí nínú ẹjọ́ tí ó dá lórí ìmọ̀ àti inú: ẹni tí yóò pinnu bóyá ọdẹ mọ̀ pé èrò ń gba ojú ọ̀nà kan jẹ́ ẹni tí kò gbọ́ èdè rẹ̀, tí kò mọ oko, tí kò mọ àkókò tí a ń pọn omi, tí ó sì jẹ́ pé ẹnu ògbufọ̀ ni ó ti ń gbọ́ ohun gbogbo. Àwọn ìbéèrè tí àwọn ọdẹ ẹgbẹ́ rẹ̀ ì bá bi í kò sí lẹ́nu ẹnikẹ́ni nínú yàrá náà. Àṣìṣe tí ó burú jù nínú ìtàn yìí nìyẹn, nítorí pé òfin tí ó ń ti ara ìṣe mọ inú kò lè tọ́ ju ìmọ̀ tí adájọ́ ní nípa irú ìṣe bẹ́ẹ̀ lọ.

Ohun tí ó wà nínú ìwé òfin náà gan-an yẹ kí a tú palẹ̀. Abala 316 ka ọ̀nà mẹ́fà tí pípa ènìyàn láìtọ́ fi ń di ìpànìyàn, èyí tí abala 319 sọ pé ikú ni ìjìyà rẹ̀. Pípa tí kò bá bọ́ sínú èyíkéyìí nínú mẹ́fẹ̀ẹ̀fà ni abala 317 pè ní ohun tí àwọn oníròyìn Yorùbá ń pè ní ìṣìpànìyàn, ẹ̀wọ̀n gbére sì ni ìjìyà rẹ̀ tí ó ga jù. Ọ̀nà kìíní àti ìkejì rọrùn, nítorí pé èrò láti pa tàbí láti ṣe léṣe gidigidi ni wọ́n dúró lé. Ọ̀nà kẹta ni ti atafà sókè. Ó sọ pé ìpànìyàn ni bí ikú bá ti ara ìṣe kan wá, tí a ṣe ìṣe náà níbi tí a ti ń lépa ohun tí kò bófin mu, tí ìṣe náà sì jẹ́ irú èyí tí ó lè fi ẹ̀mí ènìyàn sínú ewu. Abala náà wá fi kún un pé, ní ọ̀nà kẹta yìí, kò já mọ́ nǹkan kan pé ẹni tí ó ṣe é kò ní i lọ́kàn láti ṣe ẹnikẹ́ni léṣe.

Àpẹẹrẹ kan láti inú irú ìjà tí ó wọ́pọ̀ ní agbègbè náà yóò mú un yé. Bí ẹni méjì bá ń du ilẹ̀ oko, tí ọ̀kan nínú wọn sì lọ ti iná bọ ahéré èkejì ní òru kí ó lè lé e kúrò lórí ilẹ̀, tí alágbàṣe kan tí kò mọ̀ nípa rẹ̀ sì jóná mọ́ inú ahéré náà, ọ̀nà kẹta ti mú un. Iná títì bọ ilé lóru jẹ́ ìṣe tí ó lè gba ẹ̀mí, lílé ènìyàn kúrò lórí ilẹ̀ pẹ̀lú iná sì lòdì sí òfin, nítorí náà apànìyàn ni, ì báà jẹ́ pé ẹkún ni ó fi gbé òkú náà jáde. Ṣùgbọ́n bí awakọ̀ kan bá mutí yó, tí ó sì sáré pa àwọn tí ń rìn lẹ́bàá títì ní Mọníyà, ọ̀nà kẹta kì í sábà mú un, nítorí pé kò sí ohun tí kò bófin mu tí ó ń lépa yàtọ̀ sí pé ó ń wa ọkọ̀ rẹ̀ lọ sílé. Ìṣìpànìyàn ni tirẹ̀, tàbí ẹ̀sùn ìwakọ̀kúwakọ̀ lábẹ́ òfin ìrìnnà.

Ibi tí ìwé òfin Griffith ti yà kúrò lọ́dọ̀ àwọn àgbà nìyí, àti kúrò lọ́dọ̀ Stephen pẹ̀lú. Ọfà ni ó wò, kò wo odó. Kò béèrè ohun tí atafà mọ̀. Ó béèrè bóyá ọfà náà léwu, ó sì fi ohun tí atafà ń lépa rọ́pò ohun tí ó mọ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tí ń lépa ohun tí kò bófin mu lè ṣàìmọ̀, ẹni tí ń lépa ohun tí ó bófin mu sì lè mọ̀ dájú kí ó má sì bìkítà. Àwọn tí ó ṣẹ̀dá òwe náà kò sọ pé inú igbó olóko ni atafà dúró sí, wọn kò sì sọ pé olè ni. Odó orí rẹ̀ nìkan ni wọ́n tọ́ka sí, wọ́n sì tọ̀nà ju ẹni tí ó kọ ìwé òfin lọ.

Agbára ọ̀nà kẹta hàn gbangba ní ilẹ̀ tí ó ti wá. Ní ọjọ́ 8 oṣù Kẹta, 1973, a dáná sun ilé fàájì alẹ́ kan tí ń jẹ́ Whiskey Au Go Go ní Brisbane, olú ìlú Queensland, ènìyàn 15 sì kú. Àlàyé àwọn olùpẹjọ́ ni pé a fẹ́ fi iná náà dẹ́rù ba àwọn olówó ilé fàájì kí wọ́n lè máa san owó ààbò. Abala òfin Queensland tí ó jẹ́ ìyá ọ̀nà kẹta ti Nàìjíríà ni ọ̀rọ̀ náà dá lé nígbà tí ó dé ilé ẹjọ́ gíga jù lọ Ọsirélíà ní 1974, ìdájọ́ ìpànìyàn náà sì dúró. Kò sí ẹni tí yóò ka ẹjọ́ yìí tí yóò sọ pé òfin ṣe àṣejù, ṣùgbọ́n ilé tí ó kún fún ènìyàn ni ti Brisbane. Odó wà lórí àwọn tí ó dáná náà láti ìbẹ̀rẹ̀.

Ní Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà, àwọn adájọ́ gbìyànjú láti fi ìwọ̀n sí i. Ní 1950, Ilé Ẹjọ́ Kò-tẹ́-mi-lọ́rùn ti Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà gbọ́ ẹjọ́ oníṣègùn kan tí a dá lẹ́bi ìpànìyàn nítorí pé obìnrin tí ó bá ṣẹ́ oyún kú. Oyún ṣíṣẹ́ lòdì sí òfin, nítorí náà apá kan ọ̀nà kẹta ti wà nílẹ̀, ṣùgbọ́n ilé ẹjọ́ náà sọ ọ́ di ìṣìpànìyàn, torí pé ẹ̀rí kò fi hàn pé ohun tí ó ṣe jẹ́ irú èyí tí ó lè fi ẹ̀mí sínú ewu. Ohun tí èyí kọ́ àwọn agbẹjọ́rò ni pé òkú tí ó wà nílẹ̀ kọ́ ni ẹ̀rí ewu. A gbọ́dọ̀ fi ìdí ewu náà múlẹ̀ lọ́tọ̀. Ọ̀rọ̀ ayẹta náà sì dé ilé ẹjọ́. Ní ìpínlẹ̀ East Central nígbà náà, ní 1972, oníṣègùn kan ṣe oògùn ìbọn fún ẹnì kan, ó sì yìnbọn sí i láti fi dán an wò pẹ̀lú ìyọ̀ǹda ẹni náà fúnra rẹ̀. Ọta wọlé, ẹni náà kú, adájọ́ sì dá oníṣègùn lẹ́bi ìpànìyàn. Abala 299 ni ó dí ẹnu ọ̀nà àwáwí, nítorí ó sọ pé bí ẹnì kan tilẹ̀ gbà kí a pa òun, ìyẹn kò mú ẹ̀bi kúrò lọ́rùn ẹni tí ó pa á. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ní ilẹ̀ Yorùbá ni irú ìdájọ́ bẹ́ẹ̀ máa ń ya lẹ́nu, nítorí pé oníṣègùn àti oníbàárà rẹ̀ jọ gbà gbọ́ tọkàntọkàn. Síbẹ̀ ìbọn tí ó wọ àyà kò dúró de ìgbàgbọ́ ẹnikẹ́ni.

Àwọn ilé ẹjọ́ Nàìjíríà ti kó àwọn àmì kan jọ tí wọ́n fi ń mọ inú láti ara ọwọ́: irú ohun ìjà tí a lò, ibi tí a fi lu lára ẹni tí ó kú, àti bí ẹni náà ti sún mọ́ ohun ìjà náà tó. Àmì wọ̀nyí ṣiṣẹ́ dáadáa fún àdá àti ìbọn. Ohun tí ó dà wọ́n rú ni ọkọ̀.

Ọ̀nà ọkọ̀ àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà, tí a là láti Ìbàdàn dé Ọ̀yọ́ ní nǹkan bí 1906, gba àárín ilẹ̀ Akínyẹlé kọjá, nítorí náà àwọn abúlé wọ̀nyí wà lára àwọn tí ó kọ́kọ́ rí ohun kan tí ó jẹ́ iṣẹ́ òòjọ́, tí ó bófin mu pátápátá, tí ó sì ń pànìyàn lójoojúmọ́. Àwọn ènìyàn a sì máa rí èrò ìkà níbi tí òfin kò ti rí i. Nígbà tí Adégòkè Adélabú, olóṣèlú Ìbàdàn, kú nínú ìjàǹbá ọkọ̀ nítòsí Òde Rẹ́mọ ní ọjọ́ 25 oṣù Kẹta, 1958, ọ̀pọ̀ nínú àwọn ọmọlẹ́yìn rẹ̀ kò gbà pé jàǹbá lásán ni. Ìrúkèrúdò bẹ́ sílẹ̀ ní Ìbàdàn àti ní àwọn abúlé rẹ̀, a pa àwọn ènìyàn, a sì gbé ọ̀pọ̀ lọ sí ilé ẹjọ́ lórí ẹ̀sùn ìpànìyàn. Ìrora tí ó wà nínú ọ̀rọ̀ náà kò ṣeé fojú tẹ́ńbẹ́lú: ìlú kan tí ó gbà pé ikú ńlá gbọ́dọ̀ ní ọwọ́ ńlá lẹ́yìn bẹ̀rẹ̀ sí í fi ìwọ̀n òfò wọn inú àwọn ẹlòmíràn.

Ìdájọ́ tí ó dáhùn irú ìrònú bẹ́ẹ̀ ti wà nílẹ̀ ṣáájú, láti ọwọ́ Ìgbìmọ̀ Adájọ́ Ọba ní Lọ́ńdọ̀nù, nínú ẹjọ́ Dókítà Oni Akerele. Ó fún àwọn ọmọdé ní abẹ́rẹ́ kan tí ń jẹ́ Sobita ní ìlà oòrùn Nàìjíríà nítorí àrùn awọ ara tí ń ràn, ọmọ mẹ́wàá nínú wọn sì kú, torí pé àpòpọ̀ oògùn náà le jù. A dá a lẹ́bi ìṣìpànìyàn lórí ikú ọ̀kan nínú wọn, Ilé Ẹjọ́ Kò-tẹ́-mi-lọ́rùn ti Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà sì fọwọ́ sí i, ṣùgbọ́n ní 1942 Ìgbìmọ̀ náà yí i padà. Ohun tí wọ́n sọ ni pé ohun tí ó ṣeé ṣe kí ìṣe kan bí ni a fi ń wọn àìbìkítà ẹni tí ó ṣe é, a kì í fi ohun tí ó padà bí wọ̀n ọ́n. Àṣìṣe kan nínú pípo oògùn kò di ọ̀nà mẹ́wàá àṣìṣe nítorí pé ọmọ mẹ́wàá kú. Ìlànà yìí le létí àwọn òbí tí ó sin ọmọ, ó sì tọ́. Láìsí i, iye òkú nìkan ni yóò máa sọ ohun tí ó wà nínú ènìyàn.

Òfin Gẹ̀ẹ́sì fúnra rẹ̀ ṣìnà lórí ọ̀rọ̀ yìí kí ó tó padà. Ní 1960, ilé ẹjọ́ tí ó ga jù níbẹ̀ gbọ́ ẹjọ́ awakọ̀ kan tí ó kó ẹrù olè, tí ọlọ́pàá sì rọ̀ mọ́ ọkọ̀ rẹ̀; ó ń wa ọkọ̀ náà ní wọ́gọwọ̀gọ títí ọlọ́pàá fi já bọ́ sábẹ́ ọkọ̀ mìíràn tí ó sì kú. Àwọn adájọ́ náà sọ pé ohun tí ẹni tí orí rẹ̀ pé ì bá mọ̀ ni a ó gbà pé awakọ̀ náà mọ̀, bí kò tilẹ̀ mọ̀ ọ́n. Ariwo sọ lórí ìdájọ́ yìí, nígbà tí ó sì di 1967, ilé aṣòfin sọ pé adájọ́ gbọ́dọ̀ wo gbogbo ẹ̀rí kí ó tó pinnu ohun tí ẹni náà gan-an ní lọ́kàn. Ní Califóníà ní Amẹ́ríkà, ilé ẹjọ́ tí ó ga jù ní ìpínlẹ̀ náà sọ ní 1981 pé awakọ̀ tí ó mutí tí ó sì pànìyàn lè jẹ́jọ́ ìpànìyàn bí ẹ̀rí bá fi hàn pé ó mọ ewu náà, tí kò sì kà á sí. Ìmọ̀ ni àwọn méjèèjì padà sí.

Ẹni tí ó bá sì gba ọ̀nà Mọníyà jáde lọ sí Ọ̀yọ́, tí ó la Ògbómọ̀ṣọ́ kọjá dé Ìlọrin, yóò bọ́ sábẹ́ òfin mìíràn láàrin àwọn tí ń sọ èdè rẹ̀. Ìlọrin wà lábẹ́ ìwé òfin tí ìjọba Àríwá ṣe, tí ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 1960, èyí tí ó gba ọ̀dọ̀ Sudan wá láti inú òfin Íńdíà ti 1860. Abala 221 rẹ̀ sọ pé ikú ni ìjìyà ẹni tí ó pànìyàn bí ó bá mọ̀, tàbí bí ìdí bá wà fún un láti mọ̀, pé ó ṣeé ṣe gan-an kí ìṣe òun já sí ikú, kì í ṣe pé ó kàn lè ṣẹlẹ̀. Kò sí ọ̀rọ̀ lílépa ohun tí kò bófin mu níbẹ̀. Ẹni tí ó bá ti iná bọ ahéré ní Ìlọrin, ohun tí ó mọ̀ ni a ó bi í. Èyí tí ó ṣe bẹ́ẹ̀ ní Akínyẹlé, ohun tí ó ń lépa ni.

Ní alẹ́ ọjọ́ 16 oṣù Kìíní, 2024, ohun kan bú gbàù ní Bódìjà Àtijọ́ ní Ìbàdàn, ó sì wó ilé lulẹ̀, ó pa ènìyàn, ó sì ṣe ọ̀pọ̀ léṣe. Ìjọba Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ sọ pé ohun abúgbàù tí àwọn awakùsà láìgbàṣẹ kó pamọ́ sínú ilé kan ni ó fà á. Ohun tí ó wà lẹ́nu gbogbo ìlú ní ọjọ́ kejì kì í ṣe ọ̀rọ̀ ìwé àṣẹ ìwakùsà. Wọ́n ń béèrè bí ẹnikẹ́ni ṣe lè gbé irú nǹkan bẹ́ẹ̀ sáàárín ilé àwọn ọmọ ọlọ́mọ, kí ó sì sùn. Ìbéèrè odó ni ìlú ń béèrè.

Ìwé Òfin Ọ̀daràn Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́, tí ó jẹ́ orí 38 nínú àkójọ òfin ìpínlẹ̀ náà ti ọdún 2000, ṣì gbé abala 316 bí Griffith ti kọ ọ́. Queensland fúnra rẹ̀ ti tún tirẹ̀ ṣe: ní 2019, ilé aṣòfin ibẹ̀ fi ọ̀nà tuntun kan kún un, pé ìpànìyàn ni bí ikú bá ti ara ìṣe ẹni tí kò bìkítà fún ẹ̀mí ọmọ ènìyàn wá, ohun yòówù kí ẹni náà máa lépa. Ní Ọ̀yọ́, bí ẹnì kan bá kó ohun abúgbàù pamọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ilé ìwé ní Mọníyà tí ó sì pànìyàn, agbẹjọ́rò ìjọba tí ó bá fẹ́ lo ọ̀nà kẹta gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ fi hàn pé iṣẹ́ tí ẹni náà fẹ́ fi í ṣe lòdì sí òfin. Bí ó bá ní ìwé àṣẹ ìwakùsà lọ́wọ́, tí ó sì mọ̀ dájú pé ohun náà lè bú nígbàkígbà, ọ̀nà kẹta ti tì mọ́ agbẹjọ́rò náà níwájú.